Ẹ̀gbọ́n Mi Ni Wọ́n

Ní ọ̀sán Ọjọ́rú, àwa arúgbó Yorùbá tí a wà ní Peckham, ní Lọ́ńdọ̀nù, máa ń pàdé nínú yàrá kan lẹ́yìn láíbìrì. Tíì wà níbẹ̀, bísíkíìtì wà níbẹ̀, yàrá náà sì máa ń móoru. Ooru yẹn gan-an ló ń kó ọ̀pọ̀ nínú wa jọ nígbà òtútù. Ẹni tó bá ní ọ̀rọ̀ lẹ́nu á sọ ọ́. Bàbá kan tó fi ọjọ́ ayé rẹ̀ wa básì máa ń sọ fún wa nípa àwọn òpópónà tí wọ́n ti wó ilé inú wọn. Ìyá kan tó ti ṣe nọ́ọ̀sì ní ilé ìwòsàn ńlá tó wà ní Camberwell máa ń sọ ohun tí a kò gbọdọ̀ jẹ mọ́, a ó sì máa jẹ bísíkíìtì bó ṣe ń sọ ọ́. Ní tèmi, ìtàn ni mo kà ní yunifásítì nílé kí n tó wá síbí. Nítorí náà, bí oṣù kẹwàá bá ti dé, tí àwọn ará ibí bá ní kí a fi oṣù náà rántí ìtàn àwọn aláwọ̀ dúdú, èmi ni wọ́n máa ń ní kí n dìde. Wọ́n ń pè mí ní Púrọ́fẹ́sọ̀. Ẹ̀fẹ̀ ni. Ilé iṣẹ́ rélùwéè ni mo ti ṣiṣẹ́ títí mo fi fẹ̀yìn tì. Tíkẹ́ẹ̀tì ni mo ń yẹ̀ wò lọ́wọ́ èrò.

Ìwé gígùn tí mo kọ kí wọ́n tó fún mi ní oyè, nípa àwọn tó jà títí òwò ẹrú fi parí ni. Ọ̀dọ́ ni mí nígbà náà. Orílẹ̀-èdè wa náà ṣẹ̀ṣẹ̀ gba òmìnira ni, gbogbo nǹkan ló sì dà bí ohun tó ṣeé tún ṣe. Mo máa ń jókòó sábẹ́ igi máńgòrò tó wà lẹ́yìn ibùgbé àwa akẹ́kọ̀ọ́, màá máa kà nípa àwọn obìnrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n kọ̀ láti fi ṣúgà sí tíì nítorí pé ọwọ́ ẹrú ló ṣe é. Mo kà nípa àwọn aláwọ̀ dúdú tí wọ́n ti jẹ́ ẹrú rí, tí wọ́n ń lọ láti ìlú dé ìlú, tí wọ́n ń dúró níwájú èrò, tí wọ́n sì ń fi ẹnu ara wọn sọ ohun tí ojú wọn rí. Mo kà nípa àwọn ìwé ẹ̀bẹ̀ tí orúkọ inú wọn pọ̀ débi pé ńṣe ni wọ́n ń ká wọn bí ẹní kí wọ́n tó lè gbé wọn wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin. Ara mi máa ń yá gágá bí mo bá ti kà á tán. Mo gbà pé ohun tí ọmọ ènìyàn bá so, ọmọ ènìyàn lè tú u. Nígbà tí mo kọ́kọ́ dé Lọ́ńdọ̀nù, mo máa ń rìn kiri lọ́jọ́ Àìkú, màá máa wo fèrèsé àwọn ilé àtijọ́, màá máa rò ó pé bóyá nínú yàrá kan lókè ibẹ̀ yẹn ni wọ́n ti jókòó tí wọ́n ń fọwọ́ sí ìwé.

Ó ti pẹ́. Igi máńgòrò yẹn, wọ́n ti gé e. Ẹni tó sọ fún mi rò pé inú mi máa dùn, torí pé báńkì ni wọ́n kọ́ sí ibẹ̀.

Oṣù kẹwàá kan báyìí ni obìnrin tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ kọ́kọ́ wọ inú yàrá wa. Ó ń ti ìyá arúgbó kan lórí kẹ̀kẹ́ tí wọ́n ṣe fún ẹni tí kò lè rìn. A mọ ìyá yẹn. Òun ló bí Alhaja kan tó ní ṣọ́ọ̀bù aṣọ ní Rye Lane. A kì í ka àwọn tó ń ṣe dáadáa ní mọ́ṣáláṣí wa kí a má ka Alhaja náà mọ́ wọn. Alhaja ló ra rọ́ọ̀gì tí a ń forí kanlẹ̀ lé. Bí ẹnikẹ́ni bá kú láìní ẹbí, àwọn náà ló máa ń kọ́kọ́ béèrè ohun tí aṣọ òkú máa ná wa. Alhaja ti ní kí wọ́n máa gbé ìyá àwọn wá sọ́dọ̀ wa ní Ọjọ́rú, kí ó lè máa gbọ́ Yorùbá.

Obìnrin tó ń ti kẹ̀kẹ́ náà yóò ti lé díẹ̀ ní ogójì ọdún. Kóòtù ọrùn rẹ̀ tóbi jù ú lọ, ó sì ti ká apá rẹ̀ sókè. Àga wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ ògiri ló dúró sí. Ìyá nọ́ọ̀sì ní kí ó jókòó. Ó ní, “Mo ti jókòó, mà,” ó sì wà lórí ìdúró bẹ́ẹ̀.

Mo sọ̀rọ̀ mi lọ́jọ́ náà bí mo ṣe máa ń sọ ọ́. Mo sọ nípa ọkọ̀ ojú omi, mo sọ nípa àwọn ìwé ẹ̀bẹ̀. Nígbà tí mo dé ibi ọ̀rọ̀ ṣúgà, bàbá onímọ́tò gbé ife kan sókè, ó ní, “Púrọ́fẹ́sọ̀, ṣé kí n fi sí i àbí kí n má fi sí i?” Wọ́n rẹ́rìn-ín. Mo parí ọ̀rọ̀ mi lórí ọjọ́ tí òfin jáde pé gbogbo ẹrú ti di òmìnira. Wọ́n pàtẹ́wọ́. Mo béèrè bóyá ẹnikẹ́ni ní ìbéèrè. Kì í sábà sí, torí pé tíì á ti máa tutù.

Obìnrin tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri ló sọ̀rọ̀. “Ẹ jọ̀ọ́ sà, nígbà tí wọ́n dá wọn sílẹ̀ tán, ilé ta ni wọ́n sùn lálẹ́ ọjọ́ náà?”

Kò sẹ́ni tó bi mí ní irú rẹ̀ rí, àwọn olùkọ́ mi pàápàá kò bi mí. Ṣùgbọ́n mo mọ̀ ọ́n. Òfin náà ní wọ́n ti di òmìnira, ó sì tún ní kí wọ́n ṣì máa ṣiṣẹ́ fún olówó wọn fún ọdún díẹ̀ sí i, bí ẹni pé iṣẹ́ ni wọ́n ń kọ́. Owó gbà-má-bínú jáde láti àpò ìjọba, àwọn tó ni ẹrú ni wọ́n sì kó o fún. Mo sọ gbogbo ìyẹn fún un. Mo wá sọ pé, “Ilé olówó wọn náà ni wọ́n sùn.”

Ó mi orí bí ẹni pé ohun tó rò náà nìyẹn. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ mi, ó sì tẹ̀ láti nu ẹnu ìyá arúgbó.

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń bá wọn rìn dé ibùdókọ̀ lẹ́yìn ìpàdé. Ìyá arúgbó kò fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ràn mọ́, ńṣe ló máa ń kùn bí oyin lórí kẹ̀kẹ́ rẹ̀. Díẹ̀díẹ̀ ni mo gbọ́ ọ̀rọ̀ obìnrin náà lẹ́nu rẹ̀, ó sì ń sọ ọ́ bí ẹni tó ń ka aṣọ tó sá sórí okùn, kò sí ìráhùn kankan níbẹ̀. Ará Òkè Ògùn ni. Ọkọ rẹ̀ ti kú, òun sì fi ọmọ méjì sílẹ̀ sọ́dọ̀ ìyá tó bí i. Ọmọ ìlú kan náà ni òun àti Alhaja, ìyá ìyá Alhaja sì ti agboolé bàbá obìnrin náà wá. Alhaja wá sílé, wọ́n ní kí ó tẹ̀lé àwọn wá tọ́jú ìyá àwọn fún ìgbà díẹ̀, àwọn á máa rán àwọn ọmọ rẹ̀ lọ sílé ìwé. Ìgbà díẹ̀ náà di ọdún, ọdún gorí ọdún. Ọwọ́ Alhaja ni pásípọ́ọ̀tù rẹ̀ wà láti ọjọ́ tí wọ́n ti sọ̀kalẹ̀ ní pápá ọkọ̀ òfurufú. Kò fọwọ́ kan owó iṣẹ́ rí. Ilẹ̀ ló ń sùn, ní ìsàlẹ̀ ibùsùn ìyá arúgbó, kí ó lè gbọ́ bó bá pè. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ti kúrò nílé ìwé, ó ti ń kọ́ iṣẹ́ mẹkáníìkì. Orí fóònù Alhaja ló ti gbọ́ ọ, tí Alhaja sì jókòó tì í. Ọ̀sán Ọjọ́rú nìkan ló ń rí ìta.

Mo sọ ọ́ fún ìyá nọ́ọ̀sì. Ó wá sọ fún mi pé òfin kan wà báyìí lórí irú rẹ̀, òfin tuntun, wọn ò sì wá orúkọ míì fún un, ẹrú náà ni wọ́n pè é nínú òfin yẹn. Ó ní bí wọ́n bá gbà pé ọ̀rọ̀ ẹni náà rí bẹ́ẹ̀, wọ́n á wá ibi tó máa sùn fún un, wọ́n á bá a gba ìwé rẹ̀, ẹnikẹ́ni ò sì ní lé e títí wọ́n á fi yanjú ẹ̀. Ó mọ ẹnì kan tó ń ṣiṣẹ́ ní kánsù, ìyẹn ìjọba ìbílẹ̀ ibí, tó lè bá wa dá ọjọ́ tí wọ́n máa gbọ́ ẹnu rẹ̀.

Inú mi dùn débi pé n kò lè sùn. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé bó ṣe rí fún yín. Àwọn ènìyàn tí mo kà nípa wọn lábẹ́ igi yẹn ti kú tipẹ́, wọ́n sì fi ọ̀nà kan sílẹ̀, ọ̀nà náà ló wá gba iwájú ilé mi kọjá yìí. Ó gbà mí ní Ọjọ́rú púpọ̀ kí n tó lè yí obìnrin náà lọ́kàn padà. Lọ́jọ́ tó gbà, ó ní, “Bí wọ́n bá lè gba pásípọ́ọ̀tù yẹn fún mi, kí n lọ rí àwọn ọmọ mi, ó ti tó. Mi ò fẹ́ kí wọ́n mú ẹnikẹ́ni.”

Mo ní pásípọ́ọ̀tù nìkan la máa béèrè.

Ọ̀sán Ọjọ́rú la lọ. Ìyá nọ́ọ̀sì jókòó ti ìyá arúgbó ní láíbìrì, ó ń fún un ní tíì ṣíbí ṣíbí. Èmi àti obìnrin náà wọ básì lọ sí Camberwell. Ọ́fíìsì náà wà lókè ṣọ́ọ̀bù kan. Ọmọbìnrin òyìnbó tó gbà wá sílé kéré lọ́jọ́ orí, ó sì lójú àánú. Ó ti gbé omi àti tíṣù sórí tábìlì. Ó sọ fún mi pé mo lè jókòó ti obìnrin náà, ṣùgbọ́n n kò gbọdọ̀ dáhùn fún un, n kò sì gbọdọ̀ ràn án lọ́wọ́, torí pé ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ gan-an ni àwọn fẹ́ gbọ́. Orí fóònù ni ògbufọ̀ wà. Ọmọ Yorùbá ni, ohùn rẹ̀ mọ́ gaara, ó kí wa dáadáa.

Wọ́n bẹ̀rẹ̀. Wọ́n béèrè ẹni tó ni ilé tó ń gbé.

“Ẹ̀gbọ́n mi ni wọ́n.”

Mo gbọ́ bó ṣe dé inú Gẹ̀ẹ́sì. Ọmọ ìyá rẹ̀ ló di níbẹ̀. Ògbufọ̀ kò purọ́, ọ̀rọ̀ tí Gẹ̀ẹ́sì ní fún un kò ju ìyẹn lọ. Kí wá ni obìnrin náà ì bá pè é? Ẹni tó jù ú lọ, tó jẹ́ ará ilé bàbá rẹ̀, ṣé orúkọ ló máa pè é ni, bí ìgbà tí ènìyàn ń pe ajá?

Wọ́n béèrè iṣẹ́ tó ń ṣe nínú ilé náà. Ó ní, “Màmá wa ni mò ń tọ́jú.” Mo tún gbọ́ ọ. Obìnrin kan ń gbé nílé ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó ń tọ́jú ìyá tó bí àwọn méjèèjì. Ọmọbìnrin òyìnbó kọ ọ́ sílẹ̀, ojú rẹ̀ sì rọ̀. Bóyá òun náà ní ìyá.

Wọ́n béèrè pásípọ́ọ̀tù. Ó ní, “Wọ́n bá mi tọ́jú ẹ̀ ni.” Nínú Gẹ̀ẹ́sì, ó di pé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ń ràn án lọ́wọ́ láti fi í pamọ́ kí ó má baà sọnù. Wọ́n béèrè bóyá wọ́n ń sanwó fún un. Ó ní, “Wọ́n ń gbọ́ bùkátà mi.” Wọ́n béèrè ìdí tí kì í fi jáde. Ó ní, “Wọn ò fẹ́ kí nǹkan kan ṣe mí.”

Mo wúkọ́. Ọmọbìnrin òyìnbó wò mí, mo sì gbójú sílẹ̀. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ yé mi. Obìnrin tó jókòó tì mí yìí kò fi ohunkóhun pamọ́. Ohun tó ń sọ, ẹnikẹ́ni tó bá dàgbà nílé wa á mọ̀ ọ́n. Ẹni tó bá ní wọ́n bá òun tọ́jú nǹkan, tí ojú rẹ̀ wá wo ilẹ̀ bẹ́ẹ̀, wọ́n ti gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Ṣùgbọ́n láti ìgbà tó ti wà lẹ́yìn ìyá rẹ̀ ni wọ́n ti kọ́ ọ pé a kì í tú àṣírí àgbà níwájú àlejò. Bó sì ṣe sọ ọ́, ìwọ̀n ìgbà tó fi dákẹ́ kí ó tó sọ ọ́, ìyẹn kì í gba orí fóònù kọjá.

Wọ́n wá dé ìbéèrè tí òfin ní wọn ò gbọdọ̀ fò. Ọmọbìnrin náà kà á láti inú ìwé. Ògbufọ̀ dákẹ́ díẹ̀. Mo rò pé òun náà ń wá ọ̀rọ̀ míì, kò sì rí.

“Ẹ má bínú, mà,” ó ní, “wọ́n ní kí n bi yín ni. Ṣé wọ́n fi yín ṣe ẹrú?”

Obìnrin náà fa kóòtù mọ́ra. Ó nà gbọnrangandan lórí àga. N kò tíì rí i kí ó nà bẹ́ẹ̀ rí.

“Ẹrú kẹ̀? Ẹ sọ fún wọn pé bàbá mi ní agboolé. Wọn ò ra bàbá mi, wọn ò ra bàbá tó bí i. Bí mo bá délé lónìí, mo mọ ojú oórì wọn. Èmi kì í ṣe ẹrú ẹnikẹ́ni.”

Ọmọbìnrin òyìnbó dúró kí ògbufọ̀ túmọ̀ rẹ̀. Ògbufọ̀ ní ó ní rárá. Ó sọ díẹ̀ kún un nípa ilẹ̀ àti bàbá àgbà, ṣùgbọ́n bírò ti kúrò lórí ìwé.

Mo ní kí wọ́n jẹ́ kí n sọ gbólóhùn kan ṣoṣo. Ọmọbìnrin náà fi pẹ̀lẹ́tù sọ fún mi pé òun mọ̀ pé mo fẹ́ ràn án lọ́wọ́ ni, ṣùgbọ́n ohun tí ẹni náà bá fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ni òun gbọ́dọ̀ kọ. Ó tọ̀nà. Mo ti fi ọ̀pọ̀ ojú ìwé yin àwọn tó gbógun ti òwò ẹrú nítorí ẹ̀ nígbà kan, pé wọ́n jẹ́ kí ẹni tí bàtà ń ta lẹ́sẹ̀ fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́.

A dúró ní ibùdókọ̀ ní Camberwell Green. Òjò ń ṣẹ́. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé. Mo ní ẹrú tí wọ́n ń sọ níbí yìí kì í ṣe ẹrú tiwa. Nílé, ìran ni. Níbí, ohun tí wọ́n ṣe sí ènìyàn ni, ó lè ṣẹlẹ̀ sí ọmọ ọba. Mo ní ó lè padà sọ́dọ̀ wọn lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, kí ó sọ pé ọ̀rọ̀ náà kò yé òun.

“Ó yé mi, Bàbá,” ó ní. “Ó ti yé mi kí ẹ tó sọ ọ́.”

“Kí ló wá dé tó o fi ní rárá?”

Ó ń wo ọ̀nà tí básì máa gbà wá. “Ọmọ mi obìnrin ti tó ilé ọkọ. Bí wọ́n bá gbọ́ nílé pé ìyá rẹ̀ gba ìwé ẹrú ní Lọ́ńdọ̀nù, ta ló máa fẹ́ ẹ?”

Mo ní kò sẹ́ni tó máa gbọ́.

Ó rẹ́rìn-ín. Èmi ò gbọ́ ẹ̀rín rẹ̀ rí. “Ní Peckham níbí, Bàbá?”

Básì dé. Ó ní ẹ jẹ́ ká yára, Màmá á ti máa wá òun.

Mo ti rò ó títí lẹ́yìn náà. Nínú agboolé tiwa nílé, ọkùnrin kan wà nígbà tí mo wà ní kékeré. Ó lówó, ó ti lọ sí Mẹ́kà, ilé rẹ̀ ni ilé kìíní tó ní pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ní àdúgbò wa. Bàbá bàbá rẹ̀ ni wọ́n rà. Kò sẹ́ni tó ń sọ ọ́. Òfin ti fòpin sí i kí wọ́n tó bí bàbá mi, àwọn òyìnbó sì ti fi ìbọn àti ìwé rí i dájú pé ó parí. Lọ́jọ́ kan, ìpàdé ẹbí gbóná, ọkùnrin náà gbóhùn sókè lórí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ kan. Bàbá arúgbó kan tó jókòó nísàlẹ̀ ògiri sọ pé, “Ẹ rọra. Ẹ rántí ẹsẹ̀ tí ẹ fi wọlé.” Kò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọkùnrin náà jókòó. Kí ọdún tó yípo, àwọn àna tó fẹ́ fẹ́ ọmọ rẹ̀ ti fà sẹ́yìn, wọ́n ní ìràwọ̀ àwọn ọmọ náà kò bára mu. N kò kọ ìyẹn sínú ìwé gígùn mi. Mo kọ ọ̀rọ̀ nípa ọkọ̀ ojú omi, nípa ilé ìgbìmọ̀, nípa ṣúgà. Ọ̀rọ̀ ẹnu tí bàbá kan sọ nísàlẹ̀ ògiri, kò sí òfin tó lè dé ibẹ̀, n kò sì mọ ìwé ẹ̀bẹ̀ tí a máa kọ nípa rẹ̀ tàbí ẹni tí a máa gbé e fún.

Èsì dé nígbà tó yá. Wọ́n ní ohun tí àwọn gbọ́ kò tó, ṣùgbọ́n bí ọ̀rọ̀ bá yí padà, kí ó má bẹ̀rù láti padà wá. Ìyá nọ́ọ̀sì gbìyànjú láti bá a sọ̀rọ̀ bí obìnrin sí obìnrin. Obìnrin náà dúpẹ́, ó kúnlẹ̀, ó ní kí wọ́n má ṣe ìyọnu lórí òun mọ́.

Ọjọ́rú méjì tẹ̀lé e, a kò rí kẹ̀kẹ́ náà mọ́. Alhaja ni mo bá pàdé lẹ́nu ọ̀nà mọ́ṣáláṣí, wọ́n kí mi tẹ̀rín tẹ̀rín bí wọ́n ṣe máa ń kí mi. Wọ́n ní òtútù ti pọ̀ jù fún Màmá, àwọn ò ní máa gbé wọn jáde mọ́. Wọ́n wá fi kún un, “Mo gbọ́ pé ẹ máa ń bá àbúrò mi rìn kiri, sà. Ẹ ṣeun o. Ẹ̀yin náà ti dàgbà, ẹ má máa fi ìyẹn yọ ara yín lẹ́nu.” N kò mọ ẹni tó rí wa ní Camberwell. Ó lè jẹ́ ẹnikẹ́ni. Gbogbo wa la ń wọ básì.

Ìyá arúgbó kú nígbà tí òtútù fẹ́ lọ tán. Wọ́n ṣe àdúà ogójì ọjọ́ nínú gbọ̀ngàn ńlá kan, èrò kún ibẹ̀ fọ́fọ́. Mo ti ń retí ọjọ́ náà, mo jẹ́wọ́. Ẹni tí obìnrin náà wá tọ́jú ti lọ. Mo rò ó pé Alhaja kò ní ìdí láti dá a dúró mọ́, pé bóyá ohun tí òfin kò lè ṣe, ikú á bá a ṣe é, wọ́n á sì fi pásípọ́ọ̀tù rẹ̀ lé e lọ́wọ́, á wá lọ rí àwọn ọmọ rẹ̀.

Lẹ́yìn wáàsí, Alhaja dìde láti dúpẹ́. Wọ́n dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn àlùfáà, wọ́n dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹgbẹ́, wọ́n dúpẹ́ lọ́wọ́ àwa arúgbó Ọjọ́rú. Wọ́n wá na ọwọ́ sí ẹnu ọ̀nà yàrá ìdáná.

“Àbúrò mi, wá. Wá kí wọ́n rí ẹ.”

Ó jáde wá, aṣọ ìnuwọ́ wà léjìká rẹ̀. Ó kúnlẹ̀ níwájú gbogbo wa.

“Òun ló tọ́jú ìyá mi títí dọ́jọ́ ikú,” Alhaja ní, omi sì wà lójú wọn, omijé tòótọ́. “Mi ò lè san án fún un láéláé. Ọlọ́run nìkan ló lè san án. Mo ti fi í fún ìyàwó ọmọ mi ní Sydenham. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ bí ìbejì, kò sì ní ẹni tó máa ràn án lọ́wọ́.”

Àwọn èrò kùn, wọ́n ń yin Alhaja. Mo wo ojú àwọn ènìyàn bóyá ẹnì kan gbọ́ ohun tí mo gbọ́. Bàbá onímọ́tò ń nu ojú rẹ̀. Ìyá nọ́ọ̀sì ń wo ọwọ́ ara rẹ̀. Kò sí ohun tó ṣe gbólóhùn náà. Bẹ́ẹ̀ la ń sọ ọ́. Bẹ́ẹ̀ ni ìyá mi ṣe ń sọ ọ́ nígbà tí wọ́n bá fi ọmọ ẹ̀gbọ́n wọn fún ẹnì kan nílùú mìíràn, kí ó lọ máa gbé lọ́dọ̀ ẹni náà.

Ó gbé omi yí wa ká. Nígbà tó dé ọ̀dọ̀ mi, ó tẹ̀ ba, ó ní, “Ẹ gba omi, sà.” Mo rẹ ohùn sílẹ̀, mo béèrè ìgbà tó ń lọ.

“Lónìí náà ni, sà. Ẹrù mi ti wà nínú mọ́tò.”

Ó kọjá sí ọ̀dọ̀ ẹni tó tẹ̀lé mi. Àlùfáà ní kí a gbé ọwọ́ sókè, kí a ṣe àdúà fún Alhaja tó fi àbúrò rẹ̀ ṣe ìrànlọ́wọ́ fún ọmọ rẹ̀. Mo gbé ife sílẹ̀, mo sì gbé ọwọ́ méjèèjì sókè, torí pé gbogbo ènìyàn ló gbé tiwọn sókè. Àlùfáà ṣe àdúà náà títí, ohùn rẹ̀ sì dùn. Nígbà tó kan ibi Àmín, mo gbọ́ ohùn obìnrin náà láti ẹ̀yìn gbọ̀ngàn, ó ń ṣe é pẹ̀lú wa.